Nọ́ọ̀sì Kúnlẹ̀ Kí Sójà

Láti àárọ̀ ni bàbá arúgbó tó jagun fún Íńdíà lọ́dún 1971 ti ń rìn síwá-sẹ́yìn nílé ọmọbìnrin rẹ̀ ní Suwanee, l'Amẹ́ríkà, kò yé yọjú lójú fèrèsé. Nọ́ọ̀sì tuntun, ọmọ Yorùbá, wọlé. Bí wọ́n ṣe kọ́ ọ n'Ílọrin, ó kúnlẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀, sà."

Kó tó kí i tán, bàbá ti bẹ́ mọ́ ọn, ó tì í mọ́lẹ̀, ó fi àyà bo orí rẹ̀.

"Má gbórí sókè. Ṣé ìbọn bà ọ́?"

"Rárá, sà."

Ọmọbìnrin bàbá ṣílẹ̀kùn. Ó gbé báàgì rẹ̀ sílẹ̀, ó dojú bolẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn.

"Dádì, ṣé ogun tòní máa pẹ́?"