Ẹni Tó Ń Gbé Fúláwà Wá

Ìyá oníbúrẹ́dì jókòó síwájú mi ní ọ́fíìsì. Fúláwà ṣì wà ní apá rẹ̀.

"Lọ́yà, ẹni tó ń kó fúláwà fún mi ti yẹ àdéhùn. Mo fẹ́ pè é lẹ́jọ́."

Mo ní ó lè gba owó rẹ̀ padà. Ó mi orí.

Mo ní ó lè rà á níbòmíì, kí ọkùnrin náà san owó tó bá lé lórí rẹ̀. Ó tún mi orí.

"Owó gbà-má-bínú ńkọ́?"

"Kí ni mo fẹ́ fi ṣe?"

Inú ti ń bí mi. "Màmá, àpò mélòó ni kò kó wá?"

"Gbogbo rẹ̀ ló pé. Dírẹ́bà ló ń gbé e wá báyìí."

Mo ka ìwé àdéhùn wọn. Ó wà níbẹ̀ lóòótọ́ pé olùtajà ni yóò máa fọwọ́ ara rẹ̀ gbé àpò wọlé, yóò sì jókòó jẹ búrẹ́dì kó tó lọ.

"Ta ló ní kí ẹ kọ eléyìí?"

"Òun ni. À ń rẹ́rìn-ín nígbà náà, ìjà ò tíì dé."

"Màmá, adájọ́ lè pàṣẹ kí ọjà dé. Kò lè pàṣẹ kí ẹnikẹ́ni wá jókòó tì yín."

Ó ṣí báàgì rẹ̀. Ó wá gbé búrẹ́dì gbígbóná kan sórí tábìlì mi.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí ránṣẹ́ sí i pẹ̀lú ìwé ìpẹ̀jọ́. Èmi ni mo bí i. Etí búrẹ́dì tó gbẹ yẹn ni mo máa ń gé fún un láti ìgbà tó ti hu eyín."