Ẹ́ńjìnnì Ọkọ̀ Òfuurufú ní Pópó Yemọja

Àkíbù fẹ́ kọ́ ṣọ́ọ̀bù síwájú ilé wọn ní Pópó Yemọja, ṣùgbọ́n ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ òfuurufú ló wà níbẹ̀. Bàbá bàbá rẹ̀ ló gbà á lọ́wọ́ òyìnbó kan tó ń padà sílùú rẹ̀. Condor ni wọ́n ń pè é. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ti ṣe é ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn, ó ní sìlíńdà méjìlá, ó sì tó àpò sìmẹ́ńtì méjìlá ní ìwọ̀n.

Àwọn tó ń kó nǹkan àtijọ́ jọ ti ní kó gbé e wá. Ìyá rẹ̀, Alhaja Karimat, ló kọ̀.

"Mo ṣèlérí fún bàbá ẹ kó tó kú pé ẹ́ńjìnnì yìí á dún kó tó kúrò nílé yìí," ni Alhaja wí. "Ọjọ́ tó bá dún, máa gbé e lọ."

Òun fúnra rẹ̀ ló wọ kẹ̀kẹ́ Màrúwá lọ sí Òkè Bọ́lá, ó lọ bẹ Bàbá Joseph, mẹkáníìkì rélùwéè tó ti fẹ̀yìn tì, tí ìyàwó rẹ̀ ti ṣaláìsí. Ọsibítù tí wọ́n ti ń gba oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru ni wọ́n ti mọra.

Bàbá Joseph dé lọ́jọ́ Sátidé. Ó tú bóòtù mẹ́rin, ó tan tọ́ọ̀ṣì sínú ẹ́ńjìnnì náà, ó sì tètè dè wọ́n padà.

"Bàbá, ṣé ó ṣeé ṣe?" ni Àkíbù bi í.

Bàbá Joseph wo Alhaja, tó ń gbé omi tútù bọ̀.

"Ó ṣeé ṣe," ló dáhùn. "Àmọ́ kò gba ìkánjú."

Ó ní kí wọ́n bá òun yí i síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Láyé ọjọ́sí, ọkùnrin mẹ́rìndínlógún ló gbé e wọlé. Lọ́jọ́ yẹn, Àkíbù àti Afeez tó ń ránṣọ ní òdìkejì títì ló yí i.

Ọdún méjì kọjá. Ní gbogbo Sátidé, Bàbá Joseph á dé, á fi epo nu irin, á tú nọ́ọ̀tì, á tún un dè. Aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ kì í dọ̀tí, lọ́fínńdà rẹ̀ sì máa ń ṣáájú rẹ̀ wọlé. Alhaja á lé tìróò, á wọ léèsì, á jókòó tì í. Ó ní òun ń ṣọ́ irinṣẹ́ rẹ̀ ni, nítorí olè. Mọ́ínmọ́ín ẹlẹ́mìí méje kì í wọ́n nídìí ẹ́ńjìnnì náà.

Bí Àkíbù bá béèrè, "Ó ku díẹ̀" ni ìdáhùn.

Nígbà tó sú u, ó dúró kí ìyá rẹ̀ lọ sí àsàlátù, ó sì pe Ìbùkúnolúwa, ọmọbìnrin kan tó ń tún ọkọ̀ òfuurufú ṣe ní Ìlọrin. Ọmọbìnrin náà yọjú wo inú ẹ́ńjìnnì, ó bú sẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú. Agolo òfìfo ni. Kò sí písítìnì kan ṣoṣo níbẹ̀!"

Àkíbù fi ìbínú gba Òkè Bọ́lá lọ.

"Bàbá, ọdún méjì! Lórí ẹ́ńjìnnì tí kò nínú!"

Bàbá Joseph fà á wọlé, ó ti ilẹ̀kùn.

"Ọjọ́ kìn-ín-ní ni mo ti rí i," ló wí. "Àkíbù, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ ẹ́, má sọ fún Alhaja. Tó bá mọ̀ pé kò lè dún mọ́, kí ni mo tún ń wá ṣe ní Pópó Yemọja?"

Àánú bàbá náà ṣe é. Nígbà tó padà délé, ó bá ìyá rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Afeez ti ròyìn.

"Mo gbọ́ pé o mú mẹkáníìkì mìíràn wá. Kí ló rí?"

"Ó ní iṣẹ́ Bàbá Joseph dára gan-an, Ìyá. Ó ní ó ku díẹ̀."

Alhaja wò ó lójú, ó sì fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri.

"Ọmọ mi, irọ́ lo ń pa, Ọlọ́run á bù kún ẹ," ló sọ wúyẹ́wúyẹ́, "ṣùgbọ́n jọ̀ọ́, má jẹ́ kí Bàbá Joseph gbọ́ láéláé pé èmi ni mo kó gbogbo inú ẹ́ńjìnnì yẹn fún àwọn tó ń yọ́ irin fi ṣe ìkòkò ní Bẹẹrẹ, kí n lè rí nǹkan pè é wá tún ṣe."