Òkìtì Etí Odò

Ẹ̀kán òjò kan ò kán sílẹ̀ ládùúgbò náà lọ́jọ́ yẹn. Orí òkè tí odò ti ṣàn wá ni òjò ti ń rọ̀ bí ẹni tí inú ń bí, gbogbo omi rẹ̀ sì ń ya bọ̀ nísàlẹ̀ tòun ti igi tó hú tigbòǹgbò-tigbòǹgbò. Nígbà tó fi di ìrọ̀lẹ́, odò ti fẹ́rẹ̀ẹ́ ga tó òrùlé ilé. Òkìtì amọ̀ àti òkúta tí wọ́n mọ sí etí rẹ̀ nìkan ló dá a dúró.

Awakọ̀ katapílà tó mọ òkìtì náà ló ń lọ láti ojúlé dé ojúlé. Ọ̀gá Alámọ̀ ni wọ́n ń pè é.

"Ẹ máa gòkè lọ," ló ń wí. "Ẹ má dúró kó ẹrù. Omi ń bọ̀ wá wọlé."

Télọ̀ kan ń fi okùn fa ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ sókè àjà. Ó ní, "Ọ̀gá, ẹ̀yin náà lẹ ṣáà sọ pé mìmì kan ò lè mi òkìtì yìí."

"Mo sọ ọ́."

"Àbí ó ti sán ni?"

"Gbé ọmọ ẹ, kó o máa lọ."

Télọ̀ wo ojú rẹ̀, ó jọ̀wọ́ okùn, ó gbé ọmọ.

Ọ̀gá Alámọ̀ pọn arúgbó kan tí kò lè rìn gòkè, ó sì sáré padà wá. Ó ń wọ yàrá kan bọ́ sí òmíràn, ó ń pe bóyá ẹnì kan ṣì sùn síbẹ̀. Ó tú ewúrẹ́ tí wọ́n gbàgbé sórí ìso sílẹ̀.

Ìyàwó rẹ̀ ni kò lọ. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, fóònù lọ́wọ́, ó kọjú sódò. Ọmọbìnrin wọn wà lódìkejì, ní ilé ìwòsàn. Iṣẹ́ abẹ ni wọ́n fi gbẹ̀bí rẹ̀ lánàá. Omi ti gbé afárá lọ. Òkìtì tọ̀hún kúrú, odò sì ti ń yọ́ kọjá lórí rẹ̀.

"Ó ní àwọn nọ́ọ̀sì ti ń kó àwọn ọmọ tuntun sórí tábìlì," ni ìyàwó wí. "Bàbá ọmọ mi, mi ò kúrò níbi tí mo ti ń rí òrùlé yẹn."

"Ìwọ nìkan lo kù níbí."

"Tí mo bá lọ, kí ló máa ṣe fún un?"

Ọkọ kúnlẹ̀, ó wọ bàtà sí i lẹ́sẹ̀ bí ẹni ń wọ̀ ọ́ fọ́mọdé.

"Mo bẹ̀ ẹ́," ló ní. Ohùn rẹ̀ ń gbọ̀n. Obìnrin náà ò gbọ́ irú ohùn bẹ́ẹ̀ lẹ́nu rẹ̀ rí. Ó dìde.

"Ìwọ ńkọ́?"

"Mo fẹ́ tún wo gbogbo ilé lẹ́ẹ̀kan sí i."

Ọkọ dúró títí ó fi rí ìyàwó rẹ̀ láàárín àwọn èrò tó wà lókè. Ó wá gba ojú títì tó ti dá páropáro, ó kọjá níwájú ilé ara rẹ̀, ó gun òkìtì. Kò síbi tó sán. Amọ̀ rẹ̀ le gbagidi.

Ó wọ inú katapílà, ó ṣíná sí i, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wó òkìtì náà, kí odò lè ya wọ ìhà tiwọn, kó fi tọ̀hún sílẹ̀.