Kautuna àti Ògiri Tó Ń Gbọ́ Àtẹ́wọ́

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ má fi ìtàn yìí sílẹ̀ lágbedeméjì. Ẹ kà á dé ìparí kí ẹ tó fi ránṣẹ́ sí ẹlòmíràn. Kò gùn, kò sì dùn.

1.
Láti ìgbà tí òṣùpá kejì ti yọ lójú ọ̀run ni òkun ti ń gun orí erékùṣù Onotoa ní ìrọ̀lẹ́-ìrọ̀lẹ́. Ògiri nìkan ló ń dá a dúró. Nǹkan ẹlẹ́mìí ni Ògiri yìí. Abẹ́ yanrìn ló ń sùn lójúmọmọ. Bó bá gbọ́ àrokò rẹ̀, á dìde, á bo ìlú bí èèpo ẹyin títí omi á fi fà sẹ́yìn.

Àtẹ́wọ́ ni àrokò ọ̀hún. Nínú maneaba, ilé ìpàdé wọn, ìdílé kọ̀ọ̀kan ní ìjókòó tirẹ̀, ó sì ní àtẹ́wọ́ tirẹ̀ tí ìyá ń fi kọ́ ọmọ ní bòókẹ́lẹ́. Bí ìdílé kan bá ń pa tirẹ̀, àwọn yòókù á máa kọrin sókè kí etí wọn má baà mú un. Èèwọ̀ ni kí ẹnì kan mọ gbogbo rẹ̀.

Ẹnu ọ̀nà ni ìdílé Kautuna ń jókòó. Àtẹ́wọ́ ẹyọ kan péré ló kàn wọ́n, òun ló gbẹ̀yìn. Pà! Ó parí.

Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ á ní, “Kautuna Pà-kan! Ṣé kì í ṣe pé ó ti rẹ̀ ọ́? Ẹ bá a wá omi o!”

Wọ́n á rẹ́rìn-ín. Òun náà á rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ ń jó.

2.
Ìyàwó rẹ̀, Nei Ratita (“Nei” ni wọ́n fi ń pe obìnrin níbẹ̀), ló kọ́kọ́ fura.

“Ẹnu rẹ ń mì, mi ò gbọ́ orin.”

“Ọ̀fun ló ń dùn mí.”

“Ọ̀fun tó ń dùn ọ́ láti ìgbà tí a ti gbin kókò? Kautuna, má kó wa sí yọ́ọ́yọ́ọ́ o.”

Ó ti kó wọn sí i. Ó ti fetí kó gbogbo àtẹ́wọ́ ìlú sórí.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ìdílé tó ń jókòó láàárín lọ pẹja, afẹ́fẹ́ sì dá wọn dúró sórí omi. Òṣùpá kejì ń bọ̀. Ni Kautuna bá dìde, ó pa gbogbo àtẹ́wọ́ náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, òun nìkan. Ògiri dìde! Wọ́n gbé e lé èjìká, wọ́n ń jó.

Nei Tikanboi, àgbà obìnrin ìlú, dúró títí ariwo fi lọ sílẹ̀.

“Ọmọ mi, o ṣeun. Ṣùgbọ́n àtẹ́wọ́ ìdílé kan ṣoṣo ni kò sí. Kí ló dé tí o fi pa tiwa mọ́ ọn?”

“Màmá, mo gbà yín là, ẹ tún ń bèèrè ìdí?”

“Ògiri yìí ń kọ́ ìró ọwọ́ ẹni tó ń pè é. Bó bá mọ ọwọ́ kan, á gbàgbé ìyókù. Lọ́la, padà sẹ́nu ọ̀nà, kí o pa ẹyọ kan rẹ.”

“Ẹyọ kan? Èmi? Láéláé!”

Ẹ rò pé ìlú bá a wí? Ta ló fẹ́ fi ẹmu àgbọn sílẹ̀ wá pàtẹ́wọ́? Wọ́n ní, “Ẹ jẹ́ kó máa pa á, ṣebí ó mọ̀ ọ́n pa.” Wọ́n gbé ìjókòó rẹ̀ sí àárín. Orí ẹja di tirẹ̀.

Nei Tikanboi nìkan ló ṣì ń wá pa tirẹ̀. Nígbà tó yá, ó rí i pé yanrìn kò tiẹ̀ mì mọ́ bó bá pàtẹ́wọ́. Ó sọ fún wọn. Wọ́n ní ogbó ló ń dà á láàmú.

3.
Àwọn ọkùnrin lọ fi okùn mú ẹja ńlá eléyín-bí-ayùn. Kautuna ní òun nìkan lòun máa fà á.

Àna rẹ̀ pariwo, “Tú okùn yẹn kúrò ní ọrùn ọwọ́ rẹ!”

“Ẹni tó ń jí Ògiri lò ń kọ́ ní okùn?”

Ẹja rì lójijì. Kí wọ́n tó gé okùn náà, ọwọ́ ọ̀tún Kautuna ti bá a lọ.

4.
Wọ́n gbé e wọ maneaba pẹ̀lú ẹ̀jẹ̀. Òṣùpá ti ń yọ. Gbogbo ìlú pé. Àwọn ìdílé kan ti gbàgbé tiwọn. Àwọn tó rántí pa á, yanrìn kò mì.

Ratita na àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. “Pa á sí ọwọ́ mi. Tètè, Kautuna!”

Kautuna ń sunkún, ó ń pa á, títí dé ẹyọ kan ìdílé rẹ̀. Yanrìn mì díẹ̀. Ògiri gbórí sókè, ó fetí sílẹ̀. Ó tún sùn padà, bí ẹni tí àlejò pè lórúkọ.

“Màmá, kí ni kí n ṣe?”

Nei Tikanboi ní, “Kò sí ohun tí o lè ṣe mọ́, ọmọ mi. Ẹ kó àwọn ọmọdé sínú ọkọ̀.”

Òun fúnra rẹ̀ jókòó sí ìjókòó ìdílé rẹ̀. Kò dìde.

Omi iyọ̀ wọ kòtò kókò, ó wọ kànga, ó bo òrùlé maneaba. Orí omi ni àwọn tó kù wà di òní, kò sí erékùṣù tó gbà wọ́n. Bí òṣùpá kejì bá ti yọ, Kautuna á máa gbá ọwọ́ òsì mọ́ itan, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, títí itan á fi wú. Ratita kò sọ pé kó dákẹ́ mọ́.

Ìwọ tó ń kà á: bí ẹyọ kan ni wọ́n fún ọ, pa ẹyọ kan rẹ dáadáa. Láìsí i, kò parí. Ẹ̀yin tí ẹ sì máa ń sọ pé “ẹ jẹ́ kó máa ṣe é, ṣebí ó mọ̀ ọ́n ṣe,” ẹ dìde nílẹ̀ kí iṣẹ́ yín tó gbàgbé yín. Ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dé orí.