Ọ̀gágun Tó Ń Dáko ní Ìyàrá

Òòlù bọ́ lọ́wọ́ Láwọ̀yín gbẹ́nàgbẹ́nà níbi tó ti ń gbé àwòrán kọ́ sára ògiri Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó ní Kàbà.

"Ta ló ya Bàbá Pupa ará Ìyàrá?"

Òyìnbó náà rẹ́rìn-ín. "Baba ńlá mi ni. Ọ̀gágun onílẹ̀ rẹpẹtẹ ni ní Sikọ́tíláǹdì. Ó ti kú láti bí igba ọdún."

"Àkúdàáyà ni, kẹ̀! Abájọ tó fi ń to àwọn ọmọ rẹ̀ gbọọrọ lọ sóko bíi ṣọ́jà, tó ń bá gbogbo ayé jà nítorí ààlà. Tó bá gbọ́ pé ẹbí òun wà nítòsí, yóò sá."

Ajẹ́lẹ̀ ní irọ́ ni. Ó gbé Láwọ̀yín sínú ọkọ̀, ó di Ìyàrá.

Ìròyìn ti ṣáájú wọn débẹ̀. Ọkọ́ wà lórí ebè, ẹni tó ń kọ ebè ti lọ. Obìnrin kan ń sunkún láàárín ọmọ mẹ́fà onírun pupa. Ó wo imú Ajẹ́lẹ̀ títí, ó nujú.

"Ṣé ẹbí ọkọ mi ni yín?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, àmọ́..."

Ó kúnlẹ̀ kí i. "Okun o, ọkọ mi. Ẹbí ọkọ ló ń ṣú opó."

Ó fi ọkọ́ lé e lọ́wọ́. Lẹ́yìn Ajẹ́lẹ̀, àwọn ọmọ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ti tò gbọọrọ.