Àpò Ẹkídínà

Oyèníyì ò lè jókòó, kò sì lè dúró. Ìyàwó rẹ̀ ti lọ síbi iṣẹ́. Òun ló kàn láti máa gbé ẹyin ọmọ wọn nínú àpò tí dókítà ṣe sára ikùn rẹ̀, bíi ti ẹkídínà, ẹranko ẹlẹ́gùn-ún tó ń yé ẹyin tó sì ń fọ́mọ lọ́mú.

"Orúkọ yẹn ò dáa," ni ìyá rẹ̀ ń kùn. "Orúkọ obìnrin inú ìtàn Gíríìkì tí ìdajì ara ẹ̀ jẹ́ ejò ni wọ́n fi sọ ẹranko ọ̀hún."

"Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ọmọ inú ẹyin ò mira láti àárọ̀!"

Ìyá sáré fetí lé àpò. Nǹkan ń ha èèpo ẹyin. Ó là. Ọmọbìnrin bíńtín kan lẹ̀ mọ́ bàbá rẹ̀, ó ń lá wàrà tó ń sun lára rẹ̀ bí òógùn.

"Ẹ káàbọ̀, ọkọ mi," ni ìyá àgbà wí, ó sì bú sẹ́kún.