Igi Tí Jofína Fi Sílẹ̀

Ẹ sún mọ́ mi, ẹ̀yin ọmọ. Ní ẹ̀bá odò ńlá kan ní ilẹ̀ Bùràsíl ni Ańsẹ́límò ń gbé, ọkùnrin tí kì í rí igbó kí ó má wá àdá. Ohun tí kò bá ti ṣeé jẹ tàbí ṣeé tà, ìdọ̀tí ni lójú rẹ̀.

Jofína ìyá rẹ̀ ní igi kasitáńyà kan tó ga ju gbogbo igi ibẹ̀ lọ. Èso rẹ̀ tóbi, ó le bí òkúta, kóró ọlọ́ràá sì kún inú rẹ̀. Nígbà òjò, tí èso bá ń já lulẹ̀ gbì, gbì, Jofína kì í jẹ́ kí ọmọ rẹ̀ wọ abẹ́ igi títí afẹ́fẹ́ á fi rọlẹ̀. Wọn á wá jọ ṣà á sínú agbọ̀n, wọn á fi díẹ̀ sílẹ̀ fún kutía, ẹranko kan tó jọ òyà, tó máa ń ri kóró mọ́lẹ̀ tí yóò di igi tuntun. Ayé mà dùn nígbà náà o!

"Ọmọ mi," ni ìyá máa ń wí, "má ṣán igbó tó yí igi yìí ká o. Kì í dá gbé."

Ìyá kú tán, Ańsẹ́límò ní ọ̀rọ̀ arúgbó lásán ni. Ó ṣán igbó náà, tòdòdó tìtàkùn, ó gbin koríko màlúù. Igi ìyá rẹ̀ nìkan ló dá sí. Ọdún kìíní, igi tanná, kò so. Ọdún kejì, bákan náà. Ó da ajílẹ̀ sí ìdí rẹ̀ títí, asán ni.

Ló bá tọ Bàbá Fímínò lọ, àgbà aṣakasitáńyà.

"Òdòdó rẹ̀ ní ọmọrí bí ìkòkò," ni bàbá wí. "Oyin ńlá inú igbó nìkan ló lè ṣí i kí igi tó lè so. Ìwọ lo lé wọn lọ nígbà tí o ṣán igbó tí wọ́n ń gbé, Ańsẹ́límò."

Ańsẹ́límò sunkún bí ọmọdé. Kì í ṣe èso ló ń dùn ún. Ìró gbì, gbì yẹn ló kù tó fi ń rántí ìyá rẹ̀.

Ó ta àwọn màlúù, ó jẹ́ kí igbó hù padà. Nígbà tí ìyàwó ọmọ rẹ̀ mú àdá wá láti bá a ṣán an, ó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀.

"Jọ̀ọ́, ìyàwó mi, jẹ́ kó kún."

Orí rẹ̀ ti funfun kí ó tó gbọ́ ohùn oyin lókè. Nígbà òjò ọdún kejì, èso kan já: gbì!

"Ìyá mi o!" ni ó kígbe. Kò ṣa èso náà. Ó fi í sílẹ̀ fún kutía.

Ẹ̀yin ọmọ, ẹ má pa ohun tí ẹ kò mọ iṣẹ́ tó ń ṣe. Ohun tí àdá bà jẹ́ láàárọ̀ kan lè gba gbogbo ọjọ́ ayé ẹni kó tó padà bọ̀ sípò.